Haiti: Òkè Pá, Ìṣẹ́ Ń Jinlẹ̀

Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 2004, ìjì Jeanne da òjò lé Haiti lórí. Kí omi tó fà, nǹkan bí 3,000 ènìyàn ti kú, èyí tó pọ̀ jù nínú wọn ní ìlú Gonaïves. Ìjì kan náà jà ní orílẹ̀-èdè Dominican tí wọ́n jọ wà ní erékùṣù kan, ṣùgbọ́n òkú ibẹ̀ kò pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ rárá. Àwọn òkè tó yí Gonaïves ká ti pá. Kò sí igi tí yóò dá omi dúró, ni àgbàrá bá wọ́ ẹrẹ̀ wọ ìgboro.

Àwọn kan ń sọ pé mẹ̀kúnnù Haiti ló fọwọ́ ara wọn fà á. Èmi ò gbà. Lọ́dún 1825, Faransé ní kí àwọn ẹrú tó gba ara wọn sílẹ̀ san 150 mílíọ̀nù fráǹkì kí òun tó gbà pé wọ́n ti dòmìnira. Gbèsè yẹn ni wọ́n bí ìran lé lórí, ibẹ̀ sì ni ìṣẹ́ ti bẹ̀rẹ̀.

Nígbà tí wọ́n parí ìsédò Péligre sórí odò Artibonite ní 1956, omi bo ilẹ̀ ọlọ́ràá, àwọn àgbẹ̀ bá gun òkè lọ dáko. Òjò ń gbá yẹ̀pẹ̀ òkè náà padà sínú ìsédò, iná mọ̀nàmọ́ná tó ń pèsè sì ń dínkù. Lẹ́yìn náà ni ọ̀rọ̀ ẹlẹ́dẹ̀ dé. Nítorí àrùn, ìjọba pa gbogbo ẹlẹ́dẹ̀ dúdú ilẹ̀ náà tán ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980. Ẹlẹ́dẹ̀ yìí ni àgbẹ̀ ń tà san owó ilé ìwé ọmọ, òun náà ló ń tà sìnkú. Àwọn ẹlẹ́dẹ̀ tí wọ́n kó wá láti Amẹ́ríkà láti rọ́pò wọn ń fẹ́ oúnjẹ olówó gọbọi, apá tálákà kò ká a.

Igi ló kù tí wọ́n lè tà. Wọ́n á gé e, wọ́n á tò ó jọ, wọ́n á fi koríko àti yẹ̀pẹ̀ bò ó mọ́lẹ̀, iná á máa jẹ ẹ́ díẹ̀díẹ̀ fún ọjọ́ mélòó kan títí yóò fi di èédú. Níbi tí igi ti tán, gbòǹgbò ni wọ́n ń hú. Ọkọ̀ á kó àpò èédú lọ sí Port-au-Prince, olú ìlú, níbi tí ọ̀pọ̀ ìdílé ti ń fi dáná. Ebi kì í wọnú kí ọ̀rọ̀ mìíràn wọ̀ ọ́. Lọ́dún tó bá tẹ̀ lé e, àgbàdo orí òkè náà kò ní tó bó ṣe tó tẹ́lẹ̀, nítorí òjò ti gbá yẹ̀pẹ̀ rẹ̀ lọ, èédú ni yóò sì tún kàn.

Ìjọba Dominican ti ilé ìlagi pa ní 1967, nígbà tó yá wọ́n fi owó ìrànwọ́ sórí gáàsì ìdáná, kí ìdílé lè rí nǹkan mìíràn fi dáná dípò èédú. Ẹ̀yin tí ẹ ń kó owó igi gbígbìn lọ sí Haiti, ẹ kọ́kọ́ bèèrè ohun tí ìyá ilé yóò fi se oúnjẹ alẹ́.