Stephen Keshi: Agbábọ́ọ̀lù tí ó di Olùkọ́

Bí ẹ bá dé sọ́míìlì ní Ìjẹ̀bú-Igbó níhìn-ín, ẹ ó rí i pé àwọn tí ó lè la gẹdú pọ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó lè wo igi lóòró, kí ó sì sọ irú pákó tí yóò ti inú rẹ̀ jáde, kò pọ̀. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni bọ́ọ̀lù rí. Ọ̀tọ̀ ni kí ènìyàn mọ̀ ọ́n gbá, ọ̀tọ̀ ni kí ó mọ̀ ọ́n kọ́ni. Ọkùnrin kan wà ní Nàìjíríà tí ó mọ méjèèjì. Stephen Keshi ni orúkọ rẹ̀.

Ọjọ́ 23 oṣù kìíní ọdún 1962 ni a bí i. Illah, ní etí odò Ọya, ni ìlú àwọn òbí rẹ̀, ṣùgbọ́n Èkó ni ó ti kàwé, ní St. Finbarr's College. Ẹ̀yìn ni ó máa ń dúró sí lórí pápá, láti dínà mọ́ àwọn tí ń bọ̀ wá gbá bọ́ọ̀lù sílé. Ó gbá fún ẹgbẹ́ New Nigeria Bank ní Benin. Ní ọdún 1985 ó kọjá sí Côte d'Ivoire, láti ibẹ̀ ni ó sì gbà dé Bẹ́ljíọ̀mù, níbi tí ó ti di ọ̀kan pàtàkì nínú ẹgbẹ́ Anderlecht. Ní ìgbà náà, àwọn ọmọ wa tí ń fi bọ́ọ̀lù jẹun ní Yúróòpù kò tó nǹkan. Nígbà tí ó lọ, àwọn mìíràn tẹ̀ lé e, wọ́n sì fi orúkọ Mose pè é, nítorí pé òun ni ó ṣíwájú wọn la òkun.

Kì í ṣe ayọ̀ nìkan ni ó rí. Nàìjíríà pàdánù àṣekágbá ife ẹ̀yẹ ilẹ̀ Áfíríkà ní ọdún 1984 àti 1988, Kamẹrúùnù ni ó sì borí wa nígbà méjèèjì. Ní ọdún 1994 ni ìyà dópin. Ní ìlú Tunis, a borí Sáḿbíà pẹ̀lú àmì ayò 2 sí 1, Keshi tí í ṣe balógun ikọ̀ wa sì gba ife náà. Ní ọdún kan náà ni Nàìjíríà kọ́kọ́ lọ sí ìdíje àgbáyé.

Kí wá ni iṣẹ́ akọ́nimọ̀ọ́gbá? Òun ni ó ń yan ẹni tí yóò gbá àti ẹni tí yóò jókòó. Òun ni ó ń wo àléébù ọ̀tá, tí ó sì ń pa ọkàn àwọn ọ̀dọ́ pọ̀ ṣọ̀kan. Bí wọ́n bá borí, àwọn agbábọ́ọ̀lù ni a ń gbé lérí. Bí wọ́n bá fìdí rẹmi, òun ni a ń lé.

Keshi tọ́ èyí wò. Ní ọdún 2005 ó mú Tógò, orílẹ̀-èdè kékeré, yege fún ìdíje àgbáyé fún ìgbà àkọ́kọ́. Ṣùgbọ́n nígbà tí Tógò pàdánù ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ mẹ́ta ní Íjíbítì ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2006, wọ́n yọ ọ́, wọ́n sì gbé iṣẹ́ náà fún ará Jámánì kan, Otto Pfister. Ẹni tí ó kọ́ ilé kò sùn nínú rẹ̀. Málì náà gbà á síṣẹ́ ní ọdún 2008, wọ́n sì dá a dúró ní ọdún 2010.

Ní oṣù kọkànlá ọdún 2011 ni Nàìjíríà pè é. Ọ̀pọ̀ gbà pé òyìnbó nìkan ni ó lè ṣe é. Keshi kò wo ti orúkọ ńlá. Nígbà tí ó yan ikọ̀ fún ìdíje Áfíríkà ti ọdún 2013, ó mú ọmọ mẹ́fà láti inú ẹgbẹ́ abẹ́lé. Godfrey Oboabona ti Sunshine Stars ní Àkúrẹ́ wà nínú wọn, Sunday Mba sì wà nínú wọn. Ikọ̀ yìí borí Côte d'Ivoire 2 sí 1, wọ́n sì na Málì tí ó ti lé e 4 sí 1. Ní ọjọ́ 10 oṣù kejì, ní Johannesburg, Mba gbá àmì ayò kan ṣoṣo tí a fi borí Burkina Faso. Báyìí ni Keshi di ẹnì kejì tí ó gba ife náà gẹ́gẹ́ bí agbábọ́ọ̀lù àti gẹ́gẹ́ bí olùkọ́. Mahmoud El-Gohary ti Íjíbítì ni ẹni àkọ́kọ́.

Ní ọjọ́ kejì ìṣẹ́gun náà, Keshi kéde pé òun fi iṣẹ́ sílẹ̀, nítorí ó gbà pé àwọn aláṣẹ kò fọkàn tán òun. Wọ́n bẹ̀ ẹ́, ó sì padà. Ó mú wa dé ìpele kejì ìdíje àgbáyé ní Bràsíìlì ní ọdún 2014. Ní ọjọ́ 7 oṣù kẹfà ọdún 2016, ó kú ní Benin, ní ọmọ ọdún 54.

Ẹ̀yin ọmọ ilé-ìwé tí ẹ ń gbá bọ́ọ̀lù ní Òkè-Sọ́pẹ́n àti Àtìkòrì, ẹ má ṣe kọ́ bí a ti í gbá nìkan, ẹ kọ́ bí a ti í wò pẹ̀lú. Ẹsẹ̀ yóò rẹ̀ ní ọjọ́ kan, ṣùgbọ́n ojú tí ó mọ ènìyàn yàn yóò ṣì máa ṣiṣẹ́. Ẹ̀yin àgbà, nígbà tí ọmọ ilé bá mọ iṣẹ́, ẹ jẹ́ kí a fọkàn tán an kí àlejò tó bá wa yìn ín.