Imí Òṣùmàrè Lọ́jà Makola

Ẹni tó bá dé ibi tí wọ́n ti ń ta ìlẹ̀kẹ̀ lọ́jà Makola nílùú Accra yóò rí pupa, yóò rí aláwọ̀ ewé, yóò rí abilà, àwọn kan nínú okùn, àwọn kan nínú abọ́. Ṣùgbọ́n láti ayébáyé ni ìlẹ̀kẹ̀ búlúù àtijọ́ kan ti wà tí àwọn ará etíkun yìí kì í kà mọ́ àwọn yòókù. Òyìnbó ń pè é ní aggrey. Ó fara jọ èyí tí àwa Yorùbá ń pè ní sẹ̀gi. Bí a bá bi àwọn àgbà ayé ijọ́un léèrè ẹni tó ṣe é, wọn kò ní dárúkọ ènìyàn kankan. Wọ́n á ní ìgbẹ́ ejò ni.

Ejò wo nìyẹn? Òṣùmàrè ni. Lónìí, olùkọ́ ń kọ́ àwọn ọmọ wa pé ìmọ́lẹ̀ oòrùn tó gba inú ẹ̀kán omi òjò kọjá ló ń di àwọ̀ méje lójú ọ̀run. Ní ti àwọn baba wa, ejò ńlá kan ni, abẹ́ ilẹ̀ ló ń gbé. Bí òùngbẹ bá gbẹ ẹ́, a gbé ara sókè, a na ẹnu dé sánmà, a mumi. Ẹ̀yìn rẹ̀ ni à ń rí. Erè inú igbó ni ìránṣẹ́ rẹ̀, gẹ́gẹ́ bí A. B. Ellis, ọ̀gá ológun Gẹ̀ẹ́sì kan, ti kọ ọ́ sínú ìwé rẹ̀ nípa Yorùbá ní 1894. Ẹni tó bá sì rí imí òṣùmàrè he, ìṣẹ́ onítọ̀hún ti parí.

Àwọn Fọ̀n ní orílẹ̀-èdè Benin mọ ìgbé ayé ejò yìí jù wá lọ. Ayido Hwedo ni wọ́n ń pè é. Wọ́n ní ẹnu rẹ̀ ló fi gbé Mawu, Ẹlẹ́dàá, káàkiri nígbà tí ayé ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀. Ibi tí wọ́n bá sùn sí, ìgbẹ́ rẹ̀ ló ń di òkè níbẹ̀ kí ilẹ̀ tó mọ́. Ìdí nìyẹn tí ohun iyebíye fi ń wà nínú òkè. Nígbà tí iṣẹ́ tán, ó ká ara rẹ̀ sábẹ́ ayé bí òṣùká, kí ẹrù tó wúwo yìí má bàa rì. Bó bá yí ara padà, ilẹ̀ á mì tìtì. Irin ni oúnjẹ rẹ̀, àwọn ọ̀bọ pupa ló sì ń rọ ọ́ fún un. Lọ́jọ́ tí irin bá tán, ìrù ara rẹ̀ ni yóò máa jẹ, ayé yóò sì rì.

Ìtàn náà kò dúró síbẹ̀. Anyiewo ni òṣùmàrè lọ́dọ̀ àwọn Ewe, tí ilẹ̀ wọn ti Togo wọ Gánà. Ellis kọ ọ́ pé "ìgbẹ́ ejò" gan-an ni orúkọ tí wọ́n ń pe ìlẹ̀kẹ̀ aggrey ní ìhà Pópó. Nígbà tí Bowdich, ará ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, dé Kumasi ní 1817, ohun tí wọ́n sọ fún un ni pé èéfín kan ló máa ń lọ́ jáde láti inú ilẹ̀, ibẹ̀ ni wọ́n sì ń gbẹ́ tí wọ́n fi ń rí ìlẹ̀kẹ̀ náà.

Kò sí ìkankan nínú ìtàn wọ̀nyí tó dárúkọ oníṣẹ́ ọwọ́. Bẹ́ẹ̀ ọwọ́ ènìyàn ló ń ṣe ìlẹ̀kẹ̀. Ní Igbó Olókun ní Ilé-Ifẹ̀, ọ̀mọ̀wé Abidemi Babatunde Babalola àti àwọn tó bá a ṣiṣẹ́ wa ilẹ̀, wọ́n sì rí ìlẹ̀kẹ̀ gíláàsì tó lé ní 12,000, pẹ̀lú àfọ́kù ìkòkò tí wọ́n fi ń yọ́ gíláàsì. Àyẹ̀wò fi hàn pé àwọn ará ibẹ̀ ló ń ṣe gíláàsì náà fúnra wọn, kí ọkọ̀ ojú omi òyìnbó tó gúnlẹ̀ sí etíkun wa. Wọ́n ti rí irú gíláàsì yìí ní Gao ní orílẹ̀-èdè Mali. Nígbà tí àwọn Pọtogí dé, wọ́n ń ra ìlẹ̀kẹ̀ búlúù kan ní ìhà Bìní, wọ́n ń gbé e lọ fi gba góòlù ní Elmina, ní etíkun Gánà kan náà yìí.

Ní ilẹ̀ Krobo, tí kò jìnnà sí Accra, wọ́n ṣì ń ṣe ìlẹ̀kẹ̀ dòní. Wọ́n á lọ àfọ́kù ìgò kúnná, wọ́n á dà á sínú àwo amọ̀ oníhò, wọ́n á ki igi ewé pákí bọ àárín rẹ̀. Bí iná bá ti jó igi náà tán, ojú okùn ti dé.

Erè ńkọ́? Àwọn kéékèèké tí wọ́n ń bọ ní Ouidah kò ní oró. Eku ni oúnjẹ wọn. Bí ẹ̀rù bá bà wọ́n, wọ́n á ká jọ bíi bọ́ọ̀lù, wọ́n á fi orí pamọ́ sáàárín. Abo wọn máa ń ká ara mọ́ ẹyin rẹ̀ fún nǹkan bí oṣù méjì. Ẹni tó bá tú ìgbẹ́ wọn wò, irun eku ni yóò bá níbẹ̀.

Síbẹ̀, ìgbàgbọ́ pé ejò ló ń fúnni lówó kò tíì kú. Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1990, nínú fíìmù Diabolo tí William Akuffo ṣe ní Gánà, ọkùnrin kan ń di ejò kí ó lè sọ obìnrin di ẹni tó ń pọ owó. Irú rẹ̀ pọ̀ nínú fíìmù tiwa náà. Ní 2018, ìròyìn gba Nàìjíríà kan pé mílíọ̀nù 36 náírà dàwátì ní ọ́fíìsì JAMB ní Makurdi, wọ́n ní ejò ló gbé e mì. A rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n bí obìnrin kan bá kọ́lé lẹ́nu ọjà, ṣé a kì í gbọ́ kí àwọn èèyàn máa sọ pé "owó ejò ni"?

Makola mọ ohun tí irú èrò bẹ́ẹ̀ lè dà. Láti 1924 ni wọ́n ti ṣí ọjà Makola Kìíní. Àwọn obìnrin ló pọ̀ jù níbẹ̀, àwọn ará wa tó ń ṣòwò ní Gánà kí ìjọba tó lé wọn ní 1969 sì mọ ọjà náà dáadáa. Nígbà tí ọjà wọ́n ní 1979, wọ́n ní àwọn ìyálọ́jà ló ń kó o pamọ́. Kì í ṣe ejò ni wọ́n fi kàn wọ́n lọ́jọ́ náà, ṣùgbọ́n ìwọ̀nba ni ẹni tó béèrè bí wọ́n ṣe ń jí, bí wọ́n ṣe ń yáwó, bí wọ́n ṣe ń gbé ẹrù láti ọ̀nà jíjìn. Lọ́jọ́ 18 oṣù kẹjọ, àwọn ọmọ ogun Rawlings wó ọjà náà palẹ̀. Ọjà wíwọ́n kò tìtorí ẹ̀ dópin ní Gánà.

Ẹ̀yin òbí, ẹ má fi ìtàn òṣùmàrè du àwọn ọmọ yín. Ó dùn, ti wa sì ni. Ẹ sọ fún wọn pé ejò náà ń mumi ní sánmà, ó sì ká sábẹ́ ayé bí òṣùká. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá kan ibi ìlẹ̀kẹ̀, ẹ dárúkọ Igbó Olókun, ẹ dárúkọ àwọn tó ń lọ ìgò ní Krobo. Ọmọ tó bá mọ̀ pé ọwọ́ ènìyàn ló ṣe sẹ̀gi kò ní tètè gbà pé ejò ló kọ́lé fún ìyá aláṣọ.