Owó Kọ̀ǹpútà Tí A Háyà: Ẹ Jẹ́ Ká Ṣírò Ó

Ẹ̀yin oníṣòwò Ọjà Ọba, Adó-Èkìtì.

Àwọn kan nínú wa ń tọ́jú àkọsílẹ̀ ọjà sórí kọ̀ǹpútà tí a háyà lórí íntánẹ́ẹ̀tì, èyí tí wọ́n ń pè ní cloud. Dọ́là ni ọ̀pọ̀ nínú àwọn tó ni ín fi ń díyelé e. Dọ́là kan, tó jẹ́ nǹkan bí ₦460 ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù kẹfà 2023, ti kọjá ₦1,500 ní 2024. Owó $20 kúrò ní ₦9,200, ó di ₦30,000, bẹ́ẹ̀ ọjà kò gbòòrò sí i.

Ohun mẹ́ta ni wọ́n ń gbowó lé: wákàtí tí ẹ̀rọ fi ṣiṣẹ́, àyè tí àkọsílẹ̀ gbà, àti èyí tí a ń fà jáde. Ẹ̀rọ tí a kò pa yóò ṣiṣẹ́ fún wákàtí 720 ní ọgbọ̀n ọjọ́. Bí a bá ń tàn án fún wákàtí 10 lójúmọ́, ní ọjọ́ 26, wákàtí 260 péré ni. Ṣùgbọ́n bí a tilẹ̀ pa ẹ̀rọ, owó àyè ṣì ń ká. Nítorí náà, ẹ pa àkọsílẹ̀ tí kò wúlò mọ́ rẹ́.

Ẹ̀sìn wa kọ ìnákúnàá. Owó tí a kò fi ṣòfò, tó pé níṣáàbù, tó sì pé ọdún lọ́wọ́ wa, la ó yọ ìdá kan nínú ogójì rẹ̀ ní sàká. Níbẹ̀ ni ọmọ òrukàn aláìní ti ń rí owó ilé-ìwé.

Kí Ọlọ́hun fi àlùbáríkà sí ọjà wa. Àmín.