OÒGÙN TÍ A GBÉ MÌ, NÍBO NI Ó DÉ NÍNÚ ARA?

Ta ni kò tí ì gbọ́ ìráhùn aláìsàn pé òun lo oògùn títí, ṣùgbọ́n òun kò rí ìwòsàn? Ohun tí ó yẹ kí a bèèrè ni pé: Ǹjẹ́ oògùn náà dé ibi tí àrùn wà? Nísinsìnyí ẹ̀rọ kan wà tí ń ya àwòrán ibi tí oògùn dé nínú ẹran ara, òun ni a sì fẹ́ ṣe àlàyé rẹ̀ fún yín.

Gbogbo èròjà inú ara, ìbáà ṣe omi, ìbáà ṣe ọ̀rá tàbí oògùn, ni ó ní ìwọ̀n tirẹ̀. Bí a bá ka ìwúwo hydrogen, tí ó fúyẹ́ jù lọ, sí 1, ẹyọ omi kan jẹ́ 18, ẹyọ ṣúgà glucose kan jẹ́ 180, ẹyọ oògùn rifampicin kan sì jẹ́ 823. Mass spectrometer ni orúkọ ẹ̀rọ tí ń wọ̀n wọ́n. Francis Aston, ará Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ṣe irú rẹ̀ kan ní ọdún 1919, ó sì gba ẹ̀bùn Nobel ní ọdún 1922. Ní ọdún 1997 ni Ọ̀jọ̀gbọ́n Richard Caprioli, ará Amẹ́ríkà, àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fi hàn bí a ti lè fi irú ẹ̀rọ yìí ya àwòrán èròjà inú ẹran ara.

Bí wọ́n ti ń ṣe é nìyí. Wọn a mú ẹran ara tí a ti gé, wọn a mú un dì bí yìnyín, wọn a sì rẹ́ ẹ pẹ́lẹ́bẹ́ títí yóò fi tín-ín-rín tó ìdá kan nínú ìdá 100 mìlímítà. Wọn a tẹ́ ẹ sórí dígí, wọn a wọ́n èròjà kan lé e tí yóò bá a gba agbára iná. Ìmọ́lẹ̀ lésà a máa ta ojú rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, láti ìlà dé ìlà, bí àgbẹ̀ ti ń kọ ebè. Níbikíbi tí ó bá bà, èròjà ibẹ̀ a gbéra, a sì fò gba inú ọ̀pá tí a ti fa afẹ́fẹ́ rẹ̀ jáde. Èyí tí ó fúyẹ́ a kọ́kọ́ dé, èyí tí ó wúwo a kẹ́yìn. Kọ̀ǹpútà a kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Bí a bá bi í léèrè nípa ìwọ̀n oògùn kan ṣoṣo, a fi gbogbo ibi tí ó ti rí i hàn wá nínú àwòrán.

Ẹ jẹ́ kí a wo ikọ́ ẹ̀gbẹ, tí àwọn oníṣègùn ń pè ní TB. Kòkòrò àrùn yìí a máa fara pamọ́ sínú ẹ̀dọ̀fóró, láàárín òkú ẹran ara tí ó rí bíi wàràǹkàṣì. Ẹ̀jẹ̀ ni ó ń gbé oògùn kiri, bẹ́ẹ̀ ni kò sí iṣan ẹ̀jẹ̀ kankan nínú òkú ẹran yìí. Ní ọdún 2015, Brendan Prideaux, Véronique Dartois àti àwọn ẹlẹgbẹ́ wọn tẹ ìwádìí kan jáde, nínú èyí tí wọ́n fi ẹ̀rọ yìí yẹ ẹ̀dọ̀fóró tí àwọn oníṣẹ́ abẹ gé kúrò lára àwọn aláìsàn wò. Wọ́n rí i pé rifampicin àti pyrazinamide wọ inú òkú ẹran náà, àti pé díẹ̀díẹ̀ ni rifampicin ń kó jọ sí ibẹ̀ bí aláìsàn ti ń lò ó. Ṣùgbọ́n moxifloxacin, bí ó tilẹ̀ jẹ́ oògùn alágbára, kò wọ ibẹ̀ dáadáa. Ní ọdún 2014, ìtọ́jú olóṣù 4 tí a fi moxifloxacin sí kò lè ṣe tó ti olóṣù 6. Àwòrán yìí sì bá ohun tí ojú rí nígbà náà mu.

Òtítọ́ ni pé a kò lè fi ẹ̀rọ yìí wo ẹ̀dọ̀fóró aláàyè láìgé e. Síbẹ̀, ẹ̀kọ́ tí ó kọ́ wa wúlò nínú ilé. Ìtọ́jú ikọ́ ẹ̀gbẹ tí ó wọ́pọ̀ jẹ́ oṣù 6: oògùn 4 fún oṣù 2, lẹ́yìn náà oògùn 2 fún oṣù 4. Ọ̀pọ̀ ènìyàn a máa pa á tì nígbà tí ikọ́ bá rọlẹ̀, tí oúnjẹ sì ń wọ̀ wọ́n lẹ́nu. Irú ẹni bẹ́ẹ̀ kò mọ̀ pé kòkòrò tí ó kù lè wà níbi tí oògùn kì í tètè dé. Àwọn àgbà wí pé díẹ̀díẹ̀ ni imú ẹlẹ́dẹ̀ ń wọgbà. Bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ ni rifampicin.

Nítorí náà, ẹ̀yin bàbá àti ìyá, bí ẹnìkan nínú ilé yín bá wà lórí oògùn yìí, ẹ máa bá a ka ọjọ́ rẹ̀, kí ẹ má sì jẹ́ kí ó dá a dúró títí oníṣègùn yóò fi sọ pé ó tó.