Ègún Kọ́ Ni Ẹ̀gún

Ẹ̀yin ọmọ ilé ìwé, ẹ súnmọ́ tòsí.

Bí àgbẹ̀ kan bá ń ti Igbó-Ọrà lọ sóko lọ́nà Ìdèrè, tí ó sì kígbe pé, "Ẹ̀gún!", ẹni tí ó tẹ̀lé e yóò wo ilẹ̀. Ṣùgbọ́n bí ó bá gbọ́ ọ sí "ègún", àyà rẹ̀ yóò já. Fáwẹ̀lì kan péré ni ó yà wọ́n. Ẹni tí ẹ̀gún gún ń wá abẹ́rẹ́. Ẹni tí wọ́n gé ègún fún ń wá ẹni tí yóò bá a bẹ̀bẹ̀.

Irú èyí wà nínú èdè Gẹ̀ẹ́sì pẹ̀lú. Nínú Bíbélì Gẹ̀ẹ́sì àtijọ́, ìwé Lúùkù orí 11 ẹsẹ 42, a kà pé àwọn Farisí ń san ìdámẹ́wàá ewé míńtì àti "rue". Bí ọmọ ilé ìwé bá ṣí ìwé atúmọ̀ èdè, yóò rí i pé "rue" ni kí ènìyàn kábàámọ̀. Ṣé ìdámẹ́wàá àbámọ̀ ni àwọn Farisí ń san ni? Rárá o. Ewé kíkorò kan tí òórùn rẹ̀ le ni "rue" yìí. Láti inú èdè Látìn ni orúkọ rẹ̀ ti wá, níbi tí wọ́n ti ń pè é ní "ruta". Èyí tí í ṣe àbámọ̀, ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì àtijọ́ ni; ìbátan rẹ̀ ni "Reue" àwọn ará Jámánì. Wọ́n pàdé lẹ́nu ni, wọn kì í ṣe ọmọ ìyá. Síbẹ̀ Shakespeare fi ìjọra náà dárà nínú eré Hamlet, gẹ́gẹ́ bí àwọn àgbà wa ti ń fi ìró orúkọ ewé ṣiṣẹ́ nínú ọfọ̀. Ewé náà kì í fa ìbànújẹ́, ṣùgbọ́n bí oje rẹ̀ bá kan ara tí oòrùn sì pa á, ara lè lé ròrò.

Orúkọ mìíràn sì ń sọ òtítọ́. Apani ni "bane" lédè Gẹ̀ẹ́sì àtijọ́, adìẹ sì ni "hen". Ewé olóró gidi ni èyí tí wọ́n ń pè ní "henbane".

Ẹ jẹ́ kí á wo ohun inú ilẹ̀ wàyí. Láyé àtijọ́, àwọn awakùsà ilẹ̀ Jámánì a máa rí òkúta kan tí wọ́n rò pé fàdákà wà nínú rẹ̀. Bí wọ́n bá fi iná sí i, wọn kì í rí fàdákà, èéfín rẹ̀ a sì máa ṣe wọ́n léṣe. Wọ́n ní iṣẹ́ iwin ni. "Kobold" ni wọ́n ń pe iwin náà. Ibẹ̀ ni "cobalt" ti gba orúkọ. Ní nǹkan bí ọdún 1735, Georg Brandt ará Swídìn fi hàn pé irin kan ni ó wà nínú rẹ̀. Májèlé tí à ń pè ní "arsenic", tí ó wà nínú òkúta náà, ni ó ń pa wọ́n lára, kì í ṣe iwin.

Ṣùgbọ́n òjé ńkọ́? Gẹ̀ẹ́sì ń pè é ní "lead". Lẹ́tà kan náà ni wọ́n fi ń kọ ọ̀rọ̀ tí í ṣe kí a ṣáájú ẹni lọ́nà, bí ìpè wọn tilẹ̀ yàtọ̀. Kò sí ibi kankan nínú orúkọ yìí. Síbẹ̀, ní ìpínlẹ̀ Zamfara lọ́dún 2010, àwọn ènìyàn ń lọ òkúta wúrà nínú agbo ilé wọn. Òjé pọ̀ nínú òkúta náà. Eruku rẹ̀ bọ́ sílẹ̀ níbi tí àwọn ọmọdé ti ń ṣeré. Ó kéré tán, 400 ọmọdé ni ó kú.

Nítorí náà, ẹ̀yin ọmọ wa, bí ọ̀rọ̀ méjì bá jọra létí, ẹ bèèrè ibi tí ọ̀kọ̀ọ̀kan ti wá. Bí ó bá sì jẹ́ ewé tàbí òkúta ni, ẹ má fi orúkọ rẹ̀ mọ ìwà rẹ̀. Ẹ bèèrè ohun tí ó ń ṣe lára ènìyàn kí ẹ tó fọwọ́ kàn án.