Ta Ló Ni Ẹjọ́ Nígbà Tí Tọkọtaya Bá Parí Ìjà?

Akọ̀wé kọ́tù á pe ẹjọ́. Ọkọ á bọ́ sínú àpótí ẹni tí wọ́n fẹ̀sùn kàn. Ìyàwó rẹ̀, tó sáré lọ sí tẹ́ṣàn ọlọ́pàá lóṣù mélòó kan sẹ́yìn pẹ̀lú ojú wíwú, á dìde, àmọ́ kì í ṣe láti jẹ́rìí. Á ní: “Olúwa mi, mi ò ṣe ẹjọ́ mọ́. Àwọn ẹbí ti bá wa parí ẹ̀.” Ìyá ọkọ á máa mi orí lẹ́yìn, ìyá ìyàwó á máa wo ilẹ̀. Adájọ́ á bi í bóyá ẹnì kan ló fipá mú un. Á ní rárá. Ó lè má gbà ju ìṣẹ́jú mẹ́wàá lọ tí ẹjọ́ á fi parí.

Irú nǹkan báyìí kò ṣàjèjì ní kọ́tù májísíréètì ní Nàìjíríà. Àmọ́ ẹni tó bá ka orúkọ tí wọ́n kọ sára fáìlì ẹjọ́ náà máa rí i pé orúkọ ìyàwó ò sí níbẹ̀. Kọmíṣọ́nnà Ọlọ́pàá ló pe ọkọ lẹ́jọ́. Lójú òfin, ìjọba ni olùpẹ̀jọ́, ẹlẹ́rìí ni ìyàwó. Báwo wá ni ẹlẹ́rìí ṣe ń fòpin sí ẹjọ́ tí kì í ṣe tiẹ̀?

Apá kan ìdáhùn náà wà nínú òfin fúnra rẹ̀. Ní ọ̀pọ̀ ìpínlẹ̀, òfin kọ́tù májísíréètì gba adájọ́ láyè láti rọ àwọn tó ń jà pé kí wọ́n parí ẹ̀ láàárín ara wọn, tí ìlù náà ò bá le tàbí tó bá jẹ́ ẹ̀ṣẹ̀ kékeré míì. Ó lè ní kí ẹni tó ṣẹ̀ san owó gbà-má-bínú, kó sì dá ẹjọ́ dúró. Àwọn àgbà tó máa ń sọ pé a kì í ti kọ́tù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́ fara mọ́ èyí gan-an, ọ̀rọ̀ wọn sì níbi tó bọ́gbọ́n mu sí. Owó ilé, owó iléèwé ọmọ, owó oúnjẹ, gbogbo ẹ̀ lè dúró lọ́jọ́ tí ọkọ bá wọ ẹ̀wọ̀n.

Ṣùgbọ́n àyè yẹn ní ààlà. Kò kan ẹ̀ṣẹ̀ ńlá. Ní ọ̀pọ̀ ìpínlẹ̀ gúúsù, ẹni tó bá lu èèyàn débi pé ó ṣe é léṣe ti dá ẹ̀ṣẹ̀ ńlá tó lè gbé e lọ sẹ́wọ̀n ọdún 3. Ẹni tó bá sì gbowó láti bo irú ẹ̀ṣẹ̀ bẹ́ẹ̀ mọ́lẹ̀ ti dá ẹ̀ṣẹ̀ tiẹ̀ lọ́tọ̀. Òfin ọdún 2015 tó ka ìwà ipá léèwọ̀, èyí tó wà fún Abuja tí ọ̀pọ̀ ìpínlẹ̀ sì ti ṣe irú ẹ̀, sọ pé ẹni tó bá lu ọkọ tàbí aya rẹ̀ lè ṣẹ̀wọ̀n tó tó ọdún 3, tàbí kó san owó ìtanràn tó tó ₦200,000, tàbí méjèèjì. Òfin tó dá lórí ẹ̀rí, ti ọdún 2011, tiẹ̀ jẹ́ kí kọ́tù lè fi dandan mú ìyàwó wá jẹ́rìí tó bá jẹ́ òun gan-an ni ọkọ lù. Ṣùgbọ́n adájọ́ wo ló máa fẹ́ fìyà jẹ obìnrin tó ń sunkún níwájú ẹ̀ pé òun ò fẹ́ sọ̀rọ̀?

Ọ̀nà míì ni wọ́n gbé e gbà ní àríwá. Òfin Penal Code tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ níbẹ̀ ní 1960, ti Sudan ni wọ́n wò kọ ọ́, Sudan náà sì wo ti Íńdíà, ti ọdún 1860. Lábẹ́ ètò tó bá a rìn, ẹni tí wọ́n ṣe léṣe lè fúnra ẹ̀ parí àwọn ẹjọ́ kan. Wọ́n tún kọ ọ́ sí abala 55 pé ọkọ lè fìyà bá aya rẹ̀ wí níbi tí àṣà bá ti fàyè gbà á, tí kò bá ti ṣe é léṣe tó burú. Kí irú obìnrin bẹ́ẹ̀ tó dé kọ́tù rárá, ó ti gun òkè.

Íńdíà tí òfin yẹn ti ṣẹ̀ wá ti bá ìṣòro yìí fà á gidi. Ní 1983, wọ́n fi abala tuntun kan kún òfin wọn: ọkọ tàbí ẹbí ọkọ tó bá hùwà ìkà sí ìyàwó lè ṣẹ̀wọ̀n tó tó ọdún 3, kò sì sí àyè pé kí ẹnikẹ́ni parí ẹ̀ nílé. Ẹjọ́ kan wá ti ìpínlẹ̀ Haryana jáde. Kò pé ọdún kan lẹ́yìn ìgbéyàwó tí tọkọtaya náà fi pínyà, ìyàwó sì fẹjọ́ sun ọlọ́pàá. Nígbà tó yá, wọ́n fohùn ṣọ̀kan pé àwọn á kọ ara wọn ní ìrọ̀rùn. Ìyàwó fúnra ẹ̀ búra pé òun ò fẹ́ ẹjọ́ mọ́. Ilé ẹjọ́ gíga kọ̀, wọ́n ní òfin ò gbà á. Lóṣù March 2003, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Íńdíà yí ìdájọ́ yẹn pa dà. Lójú tiwọn, tí òfin tí wọ́n ṣe nítorí obìnrin kò bá jẹ́ kí obìnrin tètè bọ́ nínú wàhálà, ó ti ń ṣiṣẹ́ lòdì sí i. Ní 2012, wọ́n fa ilà sí i: ìjà inú ilé ṣeé wọ́gi lé, àmọ́ ìpànìyàn àti ìfipábánilòpọ̀ kò ṣeé wọ́gi lé, bí ẹbí tiẹ̀ gbà.

Ohun tó gba àfiyèsí jù ni ti ìpínlẹ̀ Andhra Pradesh. Ní 2003 kan náà, wọ́n gbà kí tọkọtaya parí irú ẹjọ́ yìí ní kọ́tù, tí adájọ́ bá fọwọ́ sí i. Àmọ́ adájọ́ ò gbọ́dọ̀ gbà á lọ́jọ́ tí wọ́n bá béèrè. Ó kéré tán, oṣù mẹ́ta gbọ́dọ̀ kọjá. Tí ọ̀kan nínú wọn bá yí ohùn pa dà láàárín ìgbà yẹn, ẹjọ́ ń bá a lọ.

Oṣù mẹ́ta kì í ṣe nǹkan kékeré nínú ilé tí wọ́n ti ń jà. Ní ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́, ọkọ ṣì ń ra nǹkan wálé, àwọn ẹbí sì ń fóònù láràárọ̀ béèrè àlàáfíà. Nígbà tí owó ilé bá pé, tí ẹbí ò pè mọ́, ìgbà yẹn ni ìyàwó máa mọ̀ bóyá ìwà yí pa dà lóòótọ́. Ìbéèrè tí adájọ́ bi í lójú ọkọ àti ìyá ọkọ kò lè ṣe iṣẹ́ yẹn. Kò sí ohun tó ní kí adájọ́ ní Nàìjíríà náà má sún irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ síwájú, kó fi wò ó.

Àwọn ìgbà míì sì wà tí kò sẹ́ni tó kù láti sọ pé òun ti dárí jì í. Ní April 28, 2025, ilé ẹjọ́ gíga kan ní Abuja dájọ́ ikú fún ọkọ Osinachi Nwachukwu, olórin ẹ̀mí tó kú ní April 2022. Àwọn ọmọ olóògbé náà wà lára àwọn tó jẹ́rìí.

Ohun kan tún wà tí ọ̀pọ̀ ìyàwó kì í béèrè. Tí adájọ́ bá kàn fa ẹjọ́ yọ kúrò lórí ìwé, ọlọ́pàá ṣì lè gbé e pa dà wá tí ọkọ bá tún ṣe é. Tó bá dá ọkọ sílẹ̀ tó sì dá a láre, wọn ò lè fi ẹ̀sùn yẹn kàn án mọ́ láé. Létí ẹni tó wà lórí bẹ́ǹṣì ẹ̀yìn, ohun kan náà ni méjèèjì jọ, torí ọkọ ń lọ sílé. Ìyàwó lè ní kí agbẹ́jọ́rò bá a sọ fún adájọ́ pé èkíní lòun fẹ́, kí wọ́n sì kọ àdéhùn náà sínú ìwé kọ́tù: ta ló máa sanwó ọsibítù, ibo ni ọkọ máa sùn, kí ló máa ṣẹlẹ̀ tó bá tún gbé ọwọ́ sókè. Òfin ọdún 2015 yẹn tún jẹ́ kó lè lọ béèrè àṣẹ ààbò ní ilé ẹjọ́ gíga, bí ẹjọ́ ọ̀daràn tiẹ̀ ti parí. Kó tó kúrò ní ọgbà kọ́tù lọ́jọ́ náà, kó ní kí akọ̀wé fún òun ní ẹ̀dà ohun tí adájọ́ kọ. Ibẹ̀ ló ti máa rí èwo nínú méjèèjì ni wọ́n ṣe fún ọkọ ẹ̀.