Ta Ló Yan Agbẹjọ́rò Àgbà Ìpínlẹ̀?

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ mi, ẹ jẹ́ ká ti orí ọ̀rọ̀ bẹ̀rẹ̀, bí ìṣe wa. Nínú ìròyìn Yorùbá, "agbẹjọ́rò àgbà" ni wọ́n ń pe Attorney General. Bẹ́ẹ̀ náà ni wọ́n ń pe lọ́yà tó gba oyè SAN. Ẹlòmíràn á tiẹ̀ ní "adájọ́ àgbà". Adájọ́ kọ́ ni o! Lọ́yà ìjọba ìpínlẹ̀ ni, òun kan náà sì ni kọmíṣọ́nà fún ètò ìdájọ́.

Agbára rẹ̀ ju orúkọ rẹ̀ lọ. Abala 211 nínú Ìwé Òfin Nàìjíríà ti 1999 fún un láṣẹ láti pe ẹjọ́ ọ̀daràn, láti gba ẹjọ́ tí ẹlòmíràn ti pè, àti láti fòpin sí i kí adájọ́ tó dá a. Òfin ní kó wo ire ará ìlú kó tó ṣe é. Bí kò bá wò ó ńkọ́? Ní 1983, nínú ẹjọ́ State v. Ilori, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ sọ pé ilé-ẹjọ́ kò lè bi í léèrè ìdí. Ẹni tó yàn án sípò àti ẹnu ará ìlú nìkan ló lè bá a wí.

Ta wá ló yàn án? Ní 18 Oṣù Kẹfà 2022, láti Ìlógbò wa níbí dé Ìkọ̀lé, a dìbò yan gómìnà Èkìtì. Orúkọ agbẹjọ́rò àgbà kò sí nínú ìwé ìdìbò. Gómìnà ló ń yàn án, Ilé Aṣòfin l'Ádó á sì fọwọ́ sí i, bó bá ṣáà ti tó ọdún 10 tó ti di lọ́yà. Gómìnà náà ló lè yọ ọ́.

Ní 8 Oṣù Kọkànlá ọdún kan náà, àwọn ará Maryland, tí àwọn ọmọ wa pọ̀ láàrin wọn, dìbò lọ́tọ̀ọ̀tọ̀: Wes Moore di gómìnà, Anthony Brown di Attorney General. Gómìnà kò lè lé e lọ. Ìpínlẹ̀ 43 nínú 50 l'Amẹ́ríkà ló ń dìbò yan tiwọn.

Ṣé ká máa ṣe bẹ́ẹ̀ níbí? Èmi ò ní sáré sọ bẹ́ẹ̀. Ẹni tó ń wá ìbò á máa wá owó; ó sì lè pe aláìṣẹ̀ lẹ́jọ́ kí èrò lè pàtẹ́wọ́ fún un. Ohun tó ń kọ mí lóminú ni ẹrù méjì lórí ẹnìkan: ó ń bá gómìnà ṣiṣẹ́, òun náà ló tún ń pinnu bóyá ọ̀rẹ́ gómìnà á jẹ́jọ́. Kẹ́ńyà ya iṣẹ́ méjèèjì sọ́tọ̀ nínú ìwé òfin wọn ti 2010. Ẹni tó ń pe ẹjọ́ níbẹ̀ kò sì lè fòpin sí i láìgba àṣẹ ilé-ẹjọ́.

Kí tiwa tó rí bẹ́ẹ̀, ìgbà kan ṣoṣo ló wà tí ẹnu wa lè tó ọ̀rọ̀ náà: ọjọ́ tí orúkọ rẹ̀ bá dé Ilé Aṣòfin. Ẹ má jẹ́ kí wọ́n kàn ní kó tẹríba kó máa lọ. Ẹ ní kí aṣojú yín bi í pé: bó o bá fòpin sí ẹjọ́, ṣé wàá sọ ìdí rẹ̀ fún wa?